Àrùn Ramsay Hunt

Àpólà orúkọ. Àìsàn tí ó máa ń mú kí ẹ̀gbẹ́ kan ojú rọ, tí ìléròrò wẹ́wẹ́ tí ó lómi nínú sì máa ń sú sí etí ẹ̀gbẹ́ kan náà, nígbà mìíràn sí inú ẹnu. Fáírọ́ọ̀sì tí ń fa chickenpox ni ó ń fà á. Bí chickenpox bá san tán, fáírọ́ọ̀sì náà kì í kúrò lára. Ó máa ń sá pamọ́ sínú iṣan fún ọ̀pọ̀ ọdún. Bí ó bá tún jí, ohun tí ó ń fà ni à ń pè ní shingles. Bí ó bá wá jẹ́ ìdí iṣan tí ń darí ojú, nítòsí etí, ni ó ti jí, àrùn Ramsay Hunt nìyẹn.

Etí ríro ni ó sábà máa ń ṣáájú. Lẹ́yìn náà ẹnu a yí sí ẹ̀gbẹ́ kan, ìpéǹpéjú kò ní lè padé, etí a máa hó tàbí kí ó di, òòyì a máa kọ́ aláìsàn, iwájú ahọ́n kò sì ní mọ adùn bí ó ti yẹ. Ìléròrò lè jáde lẹ́yìn tí ojú ti rọ, ó sì lè má jáde rárá. Nítorí náà kí atúmọ̀ èdè kọ “ó sábà máa ń”, kí ó má kọ “ó gbọ́dọ̀”.

Orúkọ ẹnì kan ṣoṣo ni Ramsay Hunt. James Ramsay Hunt, dókítà iṣan ọmọ Amẹ́ríkà, ni ó ṣàpèjúwe àìsàn náà ní ọdún 1907. “Àrùn Ramsay àti Hunt” kò tọ̀nà. Ní oṣù kẹfà ọdún 2022, Justin Bieber, olórin ọmọ Kánádà, kéde pé àrùn yìí ni ó mú òun, nítorí náà ó ṣeé ṣe kí atúmọ̀ èdè bá orúkọ náà pàdé nínú ìròyìn lásán. Kí ó fi orúkọ náà sílẹ̀ bí ó ti wà, kí ó sì fi àlàyé tẹ̀ lé e.

Inú àlàyé yìí ni ìṣòro wà. Ọ̀rọ̀ tí ó kọ́kọ́ ń wá sí ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́nu ni rọpárọsẹ̀, ṣùgbọ́n apá àti ẹsẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà dárúkọ, kò sì sí èyí tí ó rọ nínú méjèèjì níhìn-ín. (Rọ olóhùn àárín ni, rọ̀ olóhùn ìsàlẹ̀ jẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn.) Ẹni tí a bá sọ fún pé rọpárọsẹ̀ ni yóò máa wá ẹni tí yóò wọ́ apá àti ẹsẹ̀, nígbà tí àwọn dókítà ń fẹ́ kí aciclovir àti prednisolone bẹ̀rẹ̀ láàárín ọjọ́ 3 àkọ́kọ́. Òótọ́ ni pé rọpárọsẹ̀ gan-an lè yí ẹnu lójijì. Dókítà ni yóò ya méjèèjì sọ́tọ̀, kì í ṣe ògbufọ̀.

Ẹ̀gbà ojú sàn jù, àmọ́ ojú kan náà ni a fi ń wòran. “Ẹ bo ojú náà lóru” lè mú kí aláìsàn fi aṣọ bo gbogbo ojú, bẹ́ẹ̀ ohun tí ilé ìwòsàn ń sọ ni pé kí ó dáàbò bo ẹyinjú kí ó má baà gbẹ. Kọ ọ́ báyìí: “Ẹ bo ojú tí kò lè padé.” Fún àrùn náà fúnra rẹ̀, ẹ̀gbà ẹ̀gbẹ́ ojú kan ni ó yéni jù, pẹ̀lú “tí ìléròrò etí ń bá rìn” bí ààyè bá wà. Láìsí ìléròrò, tí a kò sì mọ ìdí rẹ̀, Bell's palsy ni àwọn dókítà sábà ń pè é.

Àwọn kan ń lo iṣan ìmọ̀lára fún gbogbo iṣan tí ń jíṣẹ́ fún ọpọlọ. Kò bá ibí yìí mu, nítorí pé mímú ojú gbéra ni olórí iṣẹ́ iṣan yìí. Iṣan tí ń darí ojú ni kí a lò.

Má ṣe fi ṣọ̀pọ̀ná túmọ̀ chickenpox. Ṣọ̀pọ̀ná ni àrùn tí Àjọ Ìlera Àgbáyé kéde ní ọdún 1980 pé ó ti kásẹ̀ nílẹ̀ pátápátá. Ìgbóná pàápàá, tí àwọn kan ń lò fún chickenpox lónìí, ṣì ń rán àwọn àgbà létí ṣọ̀pọ̀ná.

Ìlò nínú gbólóhùn: “Etí ni ó kọ́kọ́ ń ro bàbá kí ẹnu wọn tó yí.” Wọn ọ̀wọ̀ ni èyí, ẹnì kan ṣoṣo ni ó ń ṣàìsàn. “Àrùn Ramsay Hunt mú un ní ọdún tó kọjá, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ ti ń padé báyìí.”