Owó Orí Obìnrin ní Abẹ́òkúta

Mo ti gbọ́ ọ tí àwọn ènìyàn ń sọ pé àṣà Yorùbá ni ó so obìnrin mọ́lẹ̀, pé òyìnbó ni ó wá tú u sílẹ̀. Nígbà tí mo ka ìtàn owó orí ní Abẹ́òkúta, mo rí i pé ọ̀rọ̀ náà kò rí bẹ́ẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé òdìkejì rẹ̀ náà kì í ṣe òótọ́ pátápátá.

Láàárín àwọn Ẹ̀gbá, àpò ọkọ lọ́tọ̀, àpò aya lọ́tọ̀. Obìnrin tí ó bá wọ ilé ọkọ a máa retí owó ìdókòwò díẹ̀ lọ́wọ́ ọkọ rẹ̀. Èrè tí ó bá jẹ níbẹ̀, tirẹ̀ ni. Ẹ wo Ẹfúnróyè Tinúbú. Ní ọdún 1856 aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì lé e kúrò ní Èkó, ó padà sí Abẹ́òkúta, ó sì ń bá òwò rẹ̀ lọ. Nígbà tí ogun Dàhómì dé, ó kó ohun ìjà fún àwọn jagunjagun Ẹ̀gbá. Ní 1864 ni wọ́n fi í joyè Ìyálóde. Kì í ṣe oyè ẹ̀yẹ lásán, nítorí Ìyálóde ni ohùn àwọn obìnrin níbi tí wọ́n ti ń jíròrò ọ̀rọ̀ ìlú. Ṣùgbọ́n kí n má fi irọ́ pọ́n ọn lé: òwò ẹrú wà lára ohun tí ó sọ ọ́ di olówó, àwọn obìnrin sì wà lára àwọn tí a tà.

Lẹ́yìn rẹ̀ ni àdìrẹ wá gbòde. Aṣọ funfun tí ó ti Manchester wá ni àwọn obìnrin ń rà. Wọn a fi iko so ó, tàbí kí wọ́n fi ẹ̀kọ láfún ya iṣẹ́ sí i lára, wọn a sì rì í sínú ìkòkò aró. Ní àwọn ọdún 1920, àwọn oníbàárà ń ti Senegal àti Gold Coast wá rà á. Nígbà tí ọ̀dá owó bá gbogbo ayé lẹ́yìn 1929, iye kòkó já wálẹ̀, ọjà sì kú. Àwọn aláró bẹ̀rẹ̀ sí í lo sódà àti aró òyìnbó dípò eérú àti ẹ̀lú kí ìnáwó wọn lè dínkù. Ní 1936 Aláké fi òfin dè é. Bóyá sódà ń ba aṣọ jẹ́ lóòótọ́. Ohun tí ó dùn mí ni pé àwọn tí ọwọ́ wọn wà nínú aró kọ́ ni ó ṣòfin náà.

Ìyálóde wá ńkọ́? Oyè náà kò parẹ́, agbára ni ó ti kúrò lára rẹ̀. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ti kó àṣẹ lé Aláké nìkan lọ́wọ́, àwọn olóyè yòókù di olùgbani-nímọ̀ràn. Ní 1918 owó orí dé. Ní ọ̀pọ̀ ibi nílẹ̀ Yorùbá, ọkùnrin ni ó ń san án. Ní Abẹ́òkúta àti Ìjẹ̀bú, obìnrin ń san tirẹ̀ lọ́tọ̀. Ṣílè 5 ni ti ọkùnrin, ṣílè 2 àti ààbọ̀ ni ti obìnrin. Ọmọkùnrin a bẹ̀rẹ̀ sí í san án ní ọmọ ọdún 16, ọmọbìnrin ní 15! Lójú tèmi, ohun tí ìjọba ṣe ni pé wọ́n rí àpò tí àṣà fún obìnrin, wọ́n tọwọ́ bọ̀ ọ́. Ohùn tí àṣà kan náà fún un nínú ìgbìmọ̀, wọ́n fi ìyẹn sílẹ̀.

Ní àsìkò Ogun Àgbáyé Kejì, wọ́n tún ń gba ìrẹsì lọ́wọ́ àwọn tí ń tà á lọ́jà. Ọ̀rọ̀ ìrẹsì yìí wà lára ohun tí ó so àwọn obìnrin onímọ̀ ìwé tí Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti ń darí pọ̀ mọ́ àwọn obìnrin ọjà. Ní 1946 wọ́n di Ẹgbẹ́ Àwọn Obìnrin Abẹ́òkúta. Ransome-Kuti, tí ó wà lára àwọn ọmọbìnrin àkọ́kọ́ tí ó wọ Abẹ́òkúta Grammar School ní 1914, bọ́ gáùn sílẹ̀, ó ń ró ìró, ó ń wọ bùbá bíi tiwọn.

Ní ọjọ́ 29 àti 30 oṣù Kọkànlá 1947, obìnrin tí ó lé ní 10,000 ṣe àìsùn níwájú ààfin Aláké, orin ni wọ́n ń kọ. Owó orí obìnrin ni wọ́n ní kí ó kúrò. Kí wọ́n bu owó orí lé àwọn ilé iṣẹ́ òyìnbó dípò rẹ̀, kí obìnrin sì wọ ìgbìmọ̀. Ní 1948 wọ́n dá owó orí obìnrin dúró. Ní oṣù Keje ọdún náà Aláké fi ìlú sílẹ̀, ó sì kúrò lórí oyè ní oṣù Kínní 1949, bí ó tilẹ̀ padà dé ní ìparí 1950. Obìnrin mẹ́rin wọ ìgbìmọ̀ fìdíhẹ.

Mẹ́rin kéré sí ẹgbàárùn-ún tí ó ṣe àìsùn níwájú ààfin, mo mọ̀. Síbẹ̀, bí mẹ́rin wọ̀nyẹn bá ti wà níbẹ̀ ní 1936, mo rò pé ẹnìkan ì bá ti bèèrè iye tí eérú àti ẹ̀lú ń ná aláró kí wọ́n tó ṣòfin.