Ìtàn ojú-ewé inú Dreambox, àti ọmọṣẹ́ tí mo fẹ̀sùn kàn

Admin yín ni, láti Sabon Gari ní Kánò. Ẹ má bínú sí ariwo jẹnẹrétọ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá mi ra Dreambox láyé ọjọ́sí, ẹ mọ̀ pé kì í ṣe dikódà lásán, kọ̀ǹpútà ni. Jámánì ló ti wá. Kó tó dé, wọ́n ní d-box2 níbẹ̀, ti ilé-iṣẹ́ Kirch tó ń ta tẹlifíṣọ̀n aláwìn oṣooṣù. Àwọn tó mọ kọ̀ǹpútà tú u, wọ́n fi Linux sínú ẹ̀. Tuxbox ni wọ́n pe iṣẹ́ yẹn. Ní 2002, gbèsè wó Kirch. Dreambox 7000 wá jáde, Linux ti wà nínú ẹ̀ látilẹ̀. Enigma ló ń darí ẹ̀, ojú-ewé sì wà nínú Enigma fúnra ẹ̀: o kọ nọ́ńbà IP dikódà sórí kọ̀ǹpútà, gbogbo ìkànnì á yọ sí ẹ, wàá máa yí i láti yàrá.

Ìgbà tí Enigma2 dé, Python ni wọ́n fi kọ púpọ̀ nínú ẹ̀, ojú-ewé sì di plugin. OpenWebif la mọ̀ jù báyìí. Python 2 parí ní ìbẹ̀rẹ̀ 2020, àwọn tó ń ṣe image sì kó lọ sórí Python 3. Plugin ti àtijọ́ ò gbọ́ èdè tuntun yẹn.

Èmi ò mọ̀. Ọmọṣẹ́ mi fi image tuntun sí dikódà Aláájì kan tó ní ilé ìwo bọ́ọ̀lù, tó jẹ́ pé fóònù ló fi ń yí ìkànnì. OpenWebif tó wà nínú fláàṣì mi ló dà sínú ẹ̀, torí èmi ni mo ní kó lo ìyẹn. Lọ́jọ́ bọ́ọ̀lù, ojú-ewé ò ṣí. Aláájì dá a padà, ó bú mi níwájú ọjà. Mo ní ọmọ ló bà á jẹ́, mo gba owó ẹ̀ lọ́wọ́ ẹ̀. Kò fèsì. Ó kó ẹrù ẹ̀, ó lọ.

Lẹ́yìn oṣù méjì ni mo tó ka ohun tó ń kọ sójú tẹlifíṣọ̀n látọjọ́ náà: plugin kan ò ṣeé lò, àṣìṣe wà nínú print. Python 2 ò bèèrè àkámọ́ níbẹ̀. Python 3 ń bèèrè. Mo fi telnet wọlé, mo pa fódà OpenWebif rẹ́ nínú Plugins/Extensions, mo kọ opkg update, mo kọ opkg install enigma2-plugin-extensions-openwebif, kí image fúnra ẹ̀ mú èyí tó bá a mu wá. Mo tún un tàn. Ó ṣí. Kò gbà mí ní ìṣẹ́jú mẹ́wàá.

Nọ́ńbà ọmọ náà ò lọ mọ́. Ẹni tó bá rí i ní Kàdúná tàbí Jọ́ọ̀sì, ẹ bá mi sọ fún un pé owó ẹ̀ wà lọ́wọ́ mi, ó pé.