Olúyẹmí Káyọ̀dé: Ẹni Tí Ó Kọ́kọ́ Di Ọ̀pá Mú

Orúkọ Olúyẹmí Káyọ̀dé kò ṣàjèjì létí ọmọ ilé-ìwé ní Adó-Èkìtì, nítorí orúkọ tí pápá ìṣeré ìlú náà ń jẹ́ ni. Orúkọ náà nìkan ni ọ̀pọ̀ wọn sì mọ̀. Ó rọrùn láti ṣì í mú fún Káyọ̀dé Fáyẹmí tí ó ṣe gómìnà ìpínlẹ̀ náà lẹ́ẹ̀mejì. Kì í ṣe olóṣèlú rárá. Eléré ìje ni, ọmọ Èkìtì. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni ó fi wá iyì náà.

Ọjọ́ keje oṣù keje ọdún 1968 ni wọ́n bí i. Ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún ni nígbà tí Nàìjíríà mú un lọ sí ìdíje Òlíńpíìkì ní Barcelona, ní orílẹ̀-èdè Sípéènì, lọ́dún 1992. Eré igba mítà ni ó kọ́kọ́ sá. Ẹni mẹ́jọ péré ni ó dé àṣekágbá, méjì nínú wọn sì jẹ́ ọmọ Nàìjíríà: Olapade Adeniken ṣe ìkarùn-ún, Káyọ̀dé ṣe ìkeje. Ta ni í rántí ẹni tí ó ṣe ìkeje?

Ní ọjọ́ kẹjọ oṣù kẹjọ ni àwọn mẹ́rin jáde fún eré ìje tí a ń fi ọ̀pá lé ara ẹni lọ́wọ́. Irinwó mítà ni, ọgọ́rùn-ún fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Káyọ̀dé ni wọ́n fi síwájú; Chidi Imoh gba ọ̀pá lọ́wọ́ rẹ̀, Adeniken gbà á lọ́wọ́ Imoh, Davidson Ezinwa sì gbé e dé òpin. Kì í ṣe ẹnikẹ́ni tí a bá ti rí ni a ń fi ṣe ẹni àkọ́kọ́. Òun nìkan ni ó ń lóṣòó de ìró ìbọn. Ibi tí pápá ti tẹ̀ kọrọ ni ó sì ń gbà, pẹ̀lú ọ̀pá lọ́wọ́. Ó mọ́ ẹni tí ń sá igba mítà lára, nítorí níbi tí ọ̀nà ti tẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni ìdajì eré tirẹ̀ wà.

Amẹ́ríkà ni ó ṣáájú pẹ̀lú ìṣẹ́jú àáyá 37.40, èyí tí ẹnikẹ́ni kò tíì sá rí láyé. Nàìjíríà ṣe ìkejì, 37.98. Kúbà ṣe ìkẹta, 38.00. Àwọn àgbà ní ìbẹ̀rẹ̀ kọ́ ni oníṣẹ́, àfi ẹni tí ó bá fi orí tì í dópin. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n bí Káyọ̀dé bá ti fi ìdá mẹ́ta péré nínú ọgọ́rùn-ún ìṣẹ́jú àáyá kan ṣòfò ní ìbẹ̀rẹ̀, idẹ ni Ezinwa ì bá bá ní òpin, kì í ṣe fàdákà.

Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 1994, Káyọ̀dé kú nínú ìjàǹbá ọkọ̀ ní Amẹ́ríkà, ní ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n. Lábẹ́ Ìpínlẹ̀ Oǹdó ni Èkìtì ṣì wà nígbà náà. Ọdún méjì gérégé lẹ́yìn náà, ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 1996, ni wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Èkìtì sílẹ̀. Ẹni tí pápá ìṣeré ìpínlẹ̀ náà ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ kò gbé inú rẹ̀ fún ọjọ́ kan ṣoṣo.

Lọ́dún 1997, nínú ìdíje àgbáyé ní Athens, ikọ̀ Nàìjíríà sá 37.94, wọ́n sì tún gba fàdákà. Adeniken àti Davidson Ezinwa wà níbẹ̀. Osmond, ìbejì Ezinwa, ni ó di ọ̀pá mú ní ìbẹ̀rẹ̀.