Ta Ló Rán Ìdánwò Náà Níṣẹ́? Ìtàn Ìwọ̀n Làákàyè láti Paris dé California

Ọdún 1879 ni wọ́n sábà máa ń fi bẹ̀rẹ̀ ìtàn ìmọ̀ sàíkọ́lọ́jì, ọdún tí Wilhelm Wundt ṣí yàrá ìwádìí rẹ̀ ní Leipzig, ní Jámánì. Láti ibẹ̀, orúkọ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n àti ìwé tí wọ́n kọ ló máa ń tẹ̀ lé ara wọn. Lójú tèmi, irú ìtàn bẹ́ẹ̀ fi àwọn tó bẹ ìmọ̀ náà lọ́wẹ̀ sílẹ̀: ìjọba, ilé ìwé, àwọn ológun àti ilé ẹjọ́. Ọwọ́ wọn ni sàíkọ́lọ́jì ti gba agbára. Ìdánwò làákàyè, tí a mọ̀ sí IQ, ni n ó fi ṣe àpẹẹrẹ, nítorí pé ọ̀pọ̀ ọ̀gá ló sìn, ọ̀tọ̀ sì ni iṣẹ́ tí ọ̀kọ̀ọ̀kan rán an.

Ní 1882, òfin sọ ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ di ọ̀ranyàn nílẹ̀ Faransé. Àwọn ọmọ tí ẹnikẹ́ni kò kà sí tẹ́lẹ̀ wá kún kíláàsì, àwọn olùkọ́ sì rí i pé ẹ̀kọ́ kò wọ àwọn kan nínú wọn létí. Ní 1904, ìjọba gbé ìgbìmọ̀ kan dìde lórí ọ̀rọ̀ wọn, Alfred Binet sì wà níbẹ̀. Ọdún kejì rẹ̀ ni òun àti Théodore Simon gbé ìdánwò oníbéèrè 30 jáde. Wọn a ṣá iná sí ìṣáná níwájú ọmọ, wọn a wò ó bóyá ojú rẹ̀ ń bá iná náà lọ. Wọn a gbé ṣokoléètì àti ègé igi síwájú rẹ̀, wọn a máa wo èyí tí yóò fi sẹ́nu. Bó bá yege níbẹ̀, wọn a ní kó ka nọ́ńbà tẹ̀ lé wọn, ìbéèrè yóò sì máa le sí i. Ohun tí Binet ń wá ni ọmọ tó yẹ kí wọ́n ràn lọ́wọ́. Nínú ìwé tó kọ ní 1909, ó ta ko àwọn tó ní òye ọmọ kò lè pọ̀ sí i mọ́, ó sì dámọ̀ràn eré ìdárayá fún ọpọlọ. Ó kú ní 1911, kò rí ohun tí wọ́n fi iṣẹ́ rẹ̀ ṣe lókè òkun.

Henry Goddard ló gbé e dé Amẹ́ríkà ní 1908. Ilé ìtọ́jú àwọn ọmọ tí ọpọlọ wọn kò pé ló ti ń ṣiṣẹ́, ní Vineland, ìpínlẹ̀ New Jersey. Lásìkò yẹn, ọkọ̀ ojú omi ń já àwọn ará Ítálì, Rọ́ṣíà àti Hungary sí èbúté New York lójoojúmọ́, ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé sì gbà pé ó yẹ kí ìjọba máa ṣa ẹni tó lè wọlé àti ẹni tó lè bímọ. Ní 1913, Goddard rán àwọn obìnrin tó ń bá a ṣiṣẹ́ lọ sí Ellis Island ní èbúté náà láti dán àwọn àjèjì wò. Nígbà tó tẹ èsì jáde ní 1917, ó ní ìdá 83 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn Júù tí wọ́n dán wò ni làákàyè wọn kò pé, àti ìdá 79 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn ará Ítálì. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, tí oorun ń kùn, tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, tí ẹ̀rù sì ń bà pé wọ́n lè dá òun padà, òun ni wọ́n ń bi léèrè ọ̀rọ̀. Goddard gan-an ti yọ àwọn tí ọgbọ́n wọn hàn gbangba kúrò kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ ìdánwò. Àwọn tó gba èsì náà gbé kò ro ìyẹn mọ́ ọn.

Ogun ló wá sọ ìdánwò yìí di ńlá. Lọ́dún 1917 tí Amẹ́ríkà wọ Ogun Àgbáyé Kìíní, Robert Yerkes ni ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn onísàíkọ́lọ́jì ibẹ̀. Ó fẹ́ kí àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì yòókù gbà pé ojúlówó sáyẹ́ǹsì ni iṣẹ́ òun, ogun sì la ọ̀nà fún un. Òun, Goddard, Lewis Terman ti Yunifásítì Stanford àti àwọn ẹlẹgbẹ́ wọn jókòó ní Vineland, wọ́n ṣe ìdánwò méjì: Alpha fún sójà tó mọ̀wé, Beta fún ẹni tí kò mọ̀wé. Nǹkan bíi mílíọ̀nù 1.7 sójà ló ṣe é.

Ẹ jẹ́ ká wo inú ìwé ìdánwò náà fínnífínní. Alpha béèrè ohun tí Crisco jẹ́: ṣé oògùn ni, àbí apakòkòrò, àbí ìpara ìfọyín, àbí oúnjẹ? Ọ̀rá ìdáná ni, ọdún 1911 ló sì ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ọjà. Ó tún béèrè iṣẹ́ tó sọ Christy Mathewson di gbajúmọ̀. Ẹni tó bá mọ eré béèsíbọ́ọ̀lù ló mọ̀ ọ́n. Àwòrán ni ti Beta: pápá tẹníìsì tí kò ní nẹ́ẹ̀tì, giramafóònù tí kò ní ẹnu, ilé tí kò ní ọ̀pá èéfín. Sójà yóò ya ohun tó kù, nínú gbọ̀ngàn tó kún fọ́fọ́, lójú ẹsẹ̀. Àwọn mìíràn kò di pẹ́ńsùlù mú rí kó tó di ọjọ́ náà. Ọmọ Sicily kan ya àgbélébùú sórí ilé, ibi tó máa ń wà nílùú tirẹ̀. Wọ́n ní kò gbà á. Àwa tí a ṣe ìdánwò ìwọlé sí ilé ìwé girama nílẹ̀ wa kò ṣàìmọ irú ìbéèrè àwòrán báyìí. Àmọ́ wọ́n ti fi ìwé ìgbáradì kọ́ wa ní àkọ́túnkọ́ ká tó wọ gbọ̀ngàn, èyí tó tó láti fi hàn pé nǹkan tí à ń kọ́ ni.

Àwọn ọ̀gá ológun kò fi èsì náà ṣe nǹkan púpọ̀. Àwọn ará ìlú ló gbà á mọ́ra. Wọ́n ní làákàyè sójà aláwọ̀ funfun kò ju ti ọmọ ọdún 13 lọ, ti aláwọ̀ dúdú sì kéré sí i. Ní 1923, Carl Brigham kọ ìwé láti fi hàn pé àwọn ará gúúsù àti ìlà oòrùn Yúróòpù ń dín ọgbọ́n Amẹ́ríkà kù. Ọdún kejì ni òfin tó dínà mọ́ wọn jáde. Àwọn òpìtàn ṣì ń jiyàn bóyá ìdánwò ló bí òfin náà. Èrò tèmi ni pé àwọn aṣòfin ti mọ ohun tí wọ́n fẹ́ ṣe, ìdánwò kàn fún wọn ní ẹnu tí wọ́n fi sọ ọ́ ni. Èyí tí kò níyàn nínú ni ti Virginia. Èsì ìdánwò Binet wà lára ẹ̀rí nínú ẹjọ́ tí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Amẹ́ríkà fi fàyè gbà á, ní 1927, kí ìjọba ìpínlẹ̀ náà máa ba ilé ọmọ àwọn tí wọ́n kà sí aláìpé ọpọlọ jẹ́.

Àwọn aláwọ̀ dúdú kò dákẹ́. Ní 1924, Horace Mann Bond fi nọ́ńbà àwọn ológun fúnra wọn dá wọn lóhùn: àwọn sójà dúdú láti Illinois, New York àti Ohio gba máàkì ju àwọn sójà funfun láti Mississippi àti Arkansas lọ. Bí ìdánwò bá ń wọn ọgbọ́n àbímọ́, báwo ni ìpínlẹ̀ tí èèyàn ti lọ ilé ìwé ṣe wá borí àwọ̀? (Bond yìí ló padà di ọ̀gá àgbà Yunifásítì Lincoln, níbi tí Nnamdi Azikiwe ti kẹ́kọ̀ọ́.) Otto Klineberg tún fi hàn ní 1935 pé bí ọmọ dúdú tó wá láti gúúsù ṣe ń pẹ́ sí i ní New York ni máàkì rẹ̀ ń gòkè. Ní 1930 pàápàá, Brigham ti jáde, ó ní ohun tí òun kọ kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Kí ó tó sọ bẹ́ẹ̀, ó ti ṣe ìdánwò SAT, tí àwọn yunifásítì Amẹ́ríkà fi ń gba akẹ́kọ̀ọ́.

Lẹ́yìn náà ni Mamie àti Kenneth Clark wá béèrè ọ̀rọ̀ mìíràn. Ní Yunifásítì Howard ni àwọn tọkọtaya yìí ti bẹ̀rẹ̀ sàíkọ́lọ́jì, lọ́dọ̀ Francis Sumner, aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba oyè ọ̀mọ̀wé nínú rẹ̀ ní 1920. Wọ́n gbé ọmọlángidi funfun àti dúdú síwájú ọmọ ọdún mẹ́ta sí méje, wọ́n ní kó mú èyí tó fẹ́ fi ṣeré, àti èyí tó dára. Ti funfun ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn ọmọ dúdú mú. Ìwádìí wọn wọ ẹjọ́ tó fòpin sí ìyasọ́tọ̀ dúdú àti funfun nílé ìwé ní 1954. Àwọn tó ń gbèjà ìpínlẹ̀ Virginia, tí ọ̀rọ̀ náà kàn, pe ẹlẹ́rìí tiwọn: Henry Garrett, ọ̀jọ̀gbọ́n tó bójú tó iṣẹ́ oyè Mamie ní Columbia. Olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ dúró lódìkejì síra wọn, orí ìmọ̀ kan náà ni àwọn méjèèjì sì dúró lé.

Ọ̀rọ̀ padà síbi tí Binet ti bẹ̀rẹ̀ nígbà tí àwọn òbí aláwọ̀ dúdú ní San Francisco gbé ìjọba California lọ sílé ẹjọ́ ní 1971. Ìdánwò IQ ni wọ́n fi kó ọmọ wọn sí kíláàsì àwọn tí ọpọlọ wọn kò pé. Àwọn onísàíkọ́lọ́jì aláwọ̀ dúdú tún àwọn ọmọ náà dán wò, wọ́n bá wọn sọ̀rọ̀ bí ọmọ ilé, gbogbo wọn sì kọjá ìlà 75 tí wọ́n fi yọ wọ́n sọ́tọ̀. Ní 1979, Adájọ́ Robert Peckham ní kí wọ́n má ṣe fi IQ gbé ọmọ dúdú lọ sí kíláàsì bẹ́ẹ̀ mọ́. Nígbà tó di 1986, wọ́n fẹ àṣẹ náà dé gbogbo ẹ̀kọ́ àkànṣe. Kò pẹ́ tí àwọn òbí dúdú mìíràn fi padà síwájú adájọ́ kan náà. Ẹ̀dùn ọkàn tiwọn ni pé ọmọ wọn ń tiraka nílé ìwé, wọ́n fẹ́ kí wọ́n dán an wò kí wọ́n lè mọ ohun tó ń ṣe é, àwọn aláṣẹ sì ń dá wọn lóhùn pé àwọ̀ rẹ̀ kò jẹ́ kó ṣeé ṣe. Ní 1992, Peckham dá wọn láre.