Ilé Tí A Kọ́ ni Àkeekèé Wọ̀

Bí àkeekèé bá ta ọmọ nílùú Belo Horizonte ní Bùràsíìlì, àwọn èèyàn á ní ẹranko igbó ló ya wọ ìgboro. Ìtàn ìlú náà kò sọ bẹ́ẹ̀. Ọdún 1897 ni wọ́n ṣí i gẹ́gẹ́ bí olú-ìlú tuntun fún Minas Gerais, ìpínlẹ̀ tí àkeekèé pupa rúsúrúsú, Tityus serrulatus, ti ń gbé tipẹ́. Ìlú ló wá bá a nílé. Kò sì sá lọ, nítorí ibùgbé tó rí sàn ju ti àtijọ́: gọ́tà abẹ́ ilẹ̀ tó ṣókùnkùn, òkìtì bíríkì àfọ́kù, àti aáyán tó ń jẹ lọ súà. Abo rẹ̀ kò tilẹ̀ nílò akọ kó tó bímọ. Ẹyọ kan tó bá ẹrù wọ ọkọ̀ lọ sí ìlú mìíràn ti tó láti dá ìran sílẹ̀ níbẹ̀.

Ẹnìkan lè sọ pé abẹ́rẹ́ tó ń pa oró rẹ̀ ṣáà wà. Òótọ́ ni. Vital Brazil, dókítà tí wọ́n bí ní Minas Gerais yìí kan náà ní 1865, ló kọ́kọ́ darí iléeṣẹ́ ìwádìí Butantan ní São Paulo, níbi tí wọ́n ti ń fún ẹṣin ní oró díẹ̀díẹ̀, kí wọ́n tó fa ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ láti fi ṣe oògùn. Abẹ́rẹ́ yẹn ti gba ọ̀pọ̀ ẹ̀mí là, ṣùgbọ́n kì í dí ihò gọ́tà. Láti 2017, àwọn tí wọ́n ń kọ sílẹ̀ lọ́dọọdún pé àkeekèé ta ní Bùràsíìlì ti ju 100,000 lọ, abẹ́rẹ́ sì wà nílẹ̀ ní gbogbo ìgbà náà. Ọmọdé ló ń fara gbá a jù, torí oró tí àgbàlagbà fara dà lè da ọkàn àti ẹ̀dọ̀fóró ọmọ rú láàárín wákàtí díẹ̀.

Ti apakòkòrò ńkọ́? Kì í fi bẹ́ẹ̀ dé inú ihò. Ó sì lè lé àkeekèé jáde wọ yàrá. Ìdí nìyí tí ìwé ìtọ́nà tí iléeṣẹ́ ìlera ìjọba Bùràsíìlì tẹ̀ jáde ní 2009 kò fi dámọ̀ràn rẹ̀. Iṣẹ́ tí kò níyì ló ń ṣiṣẹ́: kí a fi asẹ́ bo ojú gọ́tà, kí a kó pàǹtí kúrò, kí a dí abẹ́ ilẹ̀kùn, kí a gbọn bàtà kí a tó wọ̀ ọ́. Bó bá sì ta ọmọ, ẹ má fi abẹ sín in, ẹ má fi okùn dì í. Ilé ìwòsàn ni kí ẹ gbé e lọ lójú ẹsẹ̀.