Dixie Dean: Góòlù 60, Owó-Iṣẹ́ Pọ́n-ùn 8

Ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé, mo mọ̀ pé bí a bá ti dárúkọ bọ́ọ̀lù, ẹ ó tẹ́tí. Ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù ni a ó sọ lónìí, ṣùgbọ́n ìtàn ni, ẹ̀kọ́ sì wà nínú rẹ̀. Mo fẹ́ sọ fún yín nípa ọkùnrin kan tí ó gbá góòlù 60 wọlé nínú ìdíje líìgì ọdún kan ṣoṣo ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àti nípa iye owó tí òfin gbà kí a san fún un. Ẹ fi nọ́ńbà méjì yìí sọ́kàn: 60 àti 8.

Orúkọ rẹ̀ ni William Ralph Dean. Dixie ni àwọn òǹwòran ń pè é, ṣùgbọ́n òun fúnra rẹ̀ kò fẹ́ràn orúkọ náà. Bill ni ó fẹ́ kí wọ́n máa pe òun. Ọdún 1907 ni wọ́n bí i ní Birkenhead, ìlú tí ó kọjú sí Liverpool lódìkejì odò Mersey. Awakọ̀ ojú irin ni bàbá rẹ̀, òun náà sì kọ́ṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ rélùwéè kí ó tó di agbábọ́ọ̀lù. Tranmere Rovers, ẹgbẹ́ kékeré kan ní ìlú rẹ̀, ni ó kọ́kọ́ gbá bọ́ọ̀lù fún. Ní oṣù Kẹta ọdún 1925, nígbà tí ó jẹ́ ọmọ ọdún 18, ẹgbẹ́ Everton ti ìlú Liverpool san pọ́n-ùn 3,000 láti gbà á. Ẹ jẹ́ kí ó yé yín dáadáa: ẹgbẹ́ ni ó sanwó fún ẹgbẹ́.

Ní ọdún 1925 yìí kan náà ni wọ́n tún òfin ọ́fúsáìdì ṣe. Tẹ́lẹ̀, bí wọ́n bá gbá bọ́ọ̀lù sí agbábọ́ọ̀lù iwájú, ó gbọ́dọ̀ ku ọ̀tá mẹ́ta láàárín òun àti ìlà ilé ọ̀tá. Wọ́n dín mẹ́ta yìí kù sí méjì. Ọ̀nà wá là fún àwọn agbábọ́ọ̀lù iwájú, góòlù sì pọ̀ sí i jákèjádò ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì.

Àṣé ewu ń bẹ níwájú. Ní ọdún 1926, Dean gun alùpùpù lọ sí ìhà àríwá ilẹ̀ Wales, ìjàǹbá sì ṣẹlẹ̀ sí i. Agbárí rẹ̀ fọ́, egungun ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ náà fọ́. Àwọn dókítà bẹ̀rù pé kò ní yè é, wọ́n sì rò pé bí ó bá tilẹ̀ yè é, kò ní gbá bọ́ọ̀lù mọ́. Ṣùgbọ́n kí ọdún náà tó parí, ó ti padà sórí pápá. Orí tí ó fọ́ yìí náà ni ó tún fi ń kan bọ́ọ̀lù sínú àwọ̀n, nítorí nínú fífi orí gbá bọ́ọ̀lù, agbábọ́ọ̀lù tí ó lè bá a dọ́gba nígbà náà kò pọ̀.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí a lọ sí ìdíje ọdún 1927 sí 1928. Ní ọdún tí ó ṣáájú, George Camsell ti ẹgbẹ́ Middlesbrough ti gbá góòlù 59 wọlé ní ìpele kejì. Ta ni yóò kọjá ìyẹn? Nígbà tí ó di ọjọ́ 5, oṣù Karùn-ún, ọdún 1928, ó ku ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kan ṣoṣo. Everton ti gba ipò kìíní, ṣùgbọ́n góòlù Dean jẹ́ 57. Mẹ́ta ni ó ń wá, Arsenal sì ni ọ̀tá, ní pápá Goodison Park.

Arsenal ni ó kọ́kọ́ gbá góòlù wọlé. Dean dá a padà kíá: ó di 58. Wọ́n fún Everton ní pẹ́nárítì, Dean gbá a wọlé: ó di 59. Lẹ́yìn náà, ilẹ̀kùn tì. Àkókò ń lọ, òǹwòran ń làágùn. Nígbà tí ó ku ìṣẹ́jú díẹ̀, Alec Troup gbá kọ́nà, Dean fò sókè láàárín èrò, ó fi orí kàn án, ó di 60! Góòlù 60 nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ 39. Títí di òní, kò sí ẹni tí ó tíì ṣe irú rẹ̀ nínú líìgì ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì.

Ó dára. Kí ni wọ́n wá ń san fún irú ọkùnrin bẹ́ẹ̀? Láti ọdún 1922, òfin líìgì ni pé kò sí agbábọ́ọ̀lù tí owó-iṣẹ́ rẹ̀ gbọ́dọ̀ ju pọ́n-ùn 8 lọ lọ́sẹ̀. Bí ìdíje bá wà ní ìsinmi, ó di pọ́n-ùn 6. Bí wọ́n bá borí, wọ́n lè fi pọ́n-ùn 2 kún un. Bí ó bá jẹ́ ọ̀mì, pọ́n-ùn 1. Lóòótọ́, owó yìí ju èyí tí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ ń gbà lọ. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó gbá góòlù 60 kò lè gbà ju èyí lọ, bí ó ti wù kí èrò tí ń san owó ìwọlé pọ̀ tó. Kò sì lè sọ pé òun ń lọ síbi tí yóò ti rọ̀ òun lọ́rùn. Bí àdéhùn rẹ̀ tilẹ̀ parí, kò lè gbá bọ́ọ̀lù fún ẹgbẹ́ mìíràn nínú líìgì àfi bí ẹgbẹ́ rẹ̀ bá yọ̀ǹda rẹ̀. Àwọn àgbà ní ibi tí ènìyàn bá ti ń ṣiṣẹ́ ni ó ti ń jẹ. Dean jẹ níbẹ̀, ṣùgbọ́n ẹlòmíràn ni ó ń bu oúnjẹ fún un.

Síbẹ̀, kò dẹwọ́ nínú iṣẹ́ rẹ̀. Everton já sí ìpele kejì ní 1930. Wọ́n padà sókè ní 1931. Wọ́n gba ipò kìíní gbogbo líìgì ní 1932. Ní 1933, Dean ni olórí ikọ̀ tí ó na Manchester City ní góòlù 3 sí òdo ní Wembley láti gba ife-ẹ̀yẹ FA. Ìyẹn ni ìgbà àkọ́kọ́ tí àwọn agbábọ́ọ̀lù wọ nọ́ńbà lẹ́yìn nínú àṣekágbá ìdíje náà; nọ́ńbà 9 ni Dean wọ̀. Ó gbá góòlù 349 fún Everton nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ líìgì 399, àti 18 fún ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ 16.

Nígbà tí agbára rẹ̀ ń dínkù, ẹgbẹ́ rẹ̀ tà á fún Notts County ní 1938. Ní 1939 ó gbá bọ́ọ̀lù díẹ̀ fún Sligo Rovers ní ilẹ̀ Ireland, ogun sì dé. Lẹ́yìn ogun, ó ń ta ọtí ní ìlú Chester, ó sì tún ṣe iṣẹ́ ẹ̀ṣọ́ àti ẹrù gbígbé ní ilé-iṣẹ́ kan ní Liverpool. Ní 1964 ni wọ́n tó ṣe ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ pàtàkì kan ní Goodison Park láti fi kó owó jọ fún un, èrò sì wọ́ lọ síbẹ̀ bí omi.

Ẹ̀yin olùgbọ́ wa, òfin tí ènìyàn ṣe, ènìyàn lè tún un ṣe. Àwọn agbábọ́ọ̀lù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pa ohùn pọ̀ nínú ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ wọn, wọ́n sì múra láti da iṣẹ́ sílẹ̀. Ní 1961, a mú ààlà owó-iṣẹ́ náà kúrò. Ní 1963, nínú ẹjọ́ tí George Eastham pè, adájọ́ dájọ́ pé dídi agbábọ́ọ̀lù mú báyìí kò bá ẹ̀tọ́ mu. Ṣùgbọ́n Dean ti fẹ̀yìn tì nígbà náà.

Ní ọjọ́ 1, oṣù Kẹta, ọdún 1980, Dean kú ní Goodison Park, níbi tí ó ti ń wo Everton àti Liverpool. Pápá tí ó ti gbá góòlù rẹ̀ tí ó kẹ́yìn 60 ni ó ti mí èémí ìkẹyìn.

Nítorí náà, ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé, nígbàkígbà tí ẹ bá rí òṣìṣẹ́ kan tí gbogbo ayé ń pàtẹ́wọ́ fún, ẹ bá a yọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ tún béèrè ohun tí ó ń mú lọ sílé, àti ẹni tí ó ń pín in fún un.