Aṣọ Kan Náà ni Dorothy Gibson Wọ̀

Agogo 11 alẹ́ ti kọjá dáadáa. Ọjọ́ Àìkú ni, 14 oṣù Kẹrin ọdún 1912, òkun Àtìláńtíìkì sì pa lọ́lọ́. Nínú gbọ̀ngàn àwọn olówó lórí ọkọ̀ Titanic, ìránṣẹ́ ọkọ̀ ń bẹ àwọn tó ṣì ń ta káàdì pé kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n parí rẹ̀, òun fẹ́ pa iná. William Sloper àti Frederic Seward wà nídìí rẹ̀. Obìnrin tó wọ kaba sílíìkì funfun láàárín wọn ni Dorothy Gibson, ọmọ ọdún 22, òṣèré fíìmù aláìlóhùn nílé iṣẹ́ Éclair ní Fort Lee, New Jersey. Ìsinmi ni òun àti ìyá rẹ̀ lọ gbà ní Yúróòpù. Cherbourg ni wọ́n ti wọ ọkọ̀.

11:40. Ọkọ̀ gbá òkè yìnyín. Kò pẹ́ tí Gibson fi kíyè sí i pé ilẹ̀ ọkọ̀ ti fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

12:45 òru. Ọkọ̀ kékeré nọ́ńbà 7 ni wọ́n kọ́kọ́ sọ̀ sómi. Èèyàn 65 ló lè gbà. Bíi 28 péré ló wà nínú rẹ̀. Àwọn èrò ń fà sẹ́yìn, mi ò sì dá wọn lẹ́bi: ta ló máa fi ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tíná ń tàn yòò sílẹ̀ lọ jókòó sínú igbá lójú agbami? Gibson àti ìyá rẹ̀ wọlé. Ó di Sloper lọ́wọ́ mú, ó ní àfi kó bá àwọn lọ. Sloper gbà lẹ́yìn náà pé Gibson ló jẹ́ kí òun yè.

Wọn ò tíì jìnnà tí omi fi ń tú wọlé láti ihò ìsàlẹ̀ ọkọ̀ náà. Aṣọ abẹ́ àwọn obìnrin àti ẹ̀wù àwọn ọkùnrin ni wọ́n fi dí i.

2:20. Titanic rì. Àwọn tó bá a lọ tó 1,500. Igbe wọn ni Gibson ń ròyìn fún àwọn oníwèé ìròyìn nígbà tó délé.

Nǹkan bí agogo 4 ìdájí, ọkọ̀ Carpathia tó wá gbà wọ́n là yọ. Ilẹ̀ mọ́, wọ́n fa àwọn ará nọ́ńbà 7 gòkè. Kaba sílíìkì yẹn ṣì wà lọ́rùn Gibson.

Kaba náà ló tún wọ̀ níwájú kámẹ́rà láìpẹ́ sígbà náà. Jules Brulatour, àlè rẹ̀, tó lówó nínú Éclair, ló wà nídìí ọ̀rọ̀ náà. Nínú oṣù Karùn-ún, Saved from the Titanic ti dé ilé sinimá: fíìmù bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá, Gibson ń ṣe Gibson. Ìwé ìròyìn New York Dramatic Mirror bẹnu àtẹ́ lù ú. Ó tọ́ bẹ́ẹ̀. Àwọn òkú kan ò tíì wọ ilẹ̀. Àmọ́ Brulatour ni ì bá gba èyí tó pọ̀ jù nínú èébú náà. Ẹkún tí Gibson ń sun lójú iṣẹ́, kì í ṣe eré. Kò pẹ́ rárá sígbà náà tó fi fi iṣẹ́ fíìmù sílẹ̀.